Mo Gbà Yín Níbí, Mo Dá Yín Padà Síbí

Bàbá mi àgbà kì í fi ìka kan tọ́ka sí ilé ẹnikẹ́ni. Gbogbo àtẹ́lẹwọ́ ni wọ́n máa ń tẹ́ sí i, bí ẹni tó fẹ́ gba nǹkan lọ́wọ́ onílé. Bí àlejò bá na ìka ọ̀kan, Bàbá á rọra di ọwọ́ rẹ̀ mú, wọ́n á bá a ṣí àwọn ìka yòókù lọ́kọ̀ọ̀kan. Wọ́n ní ìka kan la fi ń tọ́ka olè. Èmi a máa rẹ́rìn-ín nígbà náà. Ní báyìí, ọwọ́ mi ò gbọ́ tèmi mọ́; kí n tó mọ̀, ó ti tẹ́.

Bíríkìlà ni Bàbá. Iṣẹ́ sìmẹ́ǹtì àti yanrìn ni wọ́n fi tọ́ bàbá mi, tó tètè kú, àti Àǹtí Sìdí àbúrò rẹ̀, nínú ilé wa ní Kúdẹtì. Bàbá náà ló tọ́ èmi. Ṣùgbọ́n láràárọ̀ Sátidé, wọ́n á wẹ̀, wọ́n á dé fìlà, wọ́n á gòkè lọ dúró níbi àtẹ̀gùn gbọ̀ngàn Mápó. Ibẹ̀ ni àwọn tó fẹ́ fi ẹsẹ̀ rin Ìbàdàn àtijọ́ máa ń wá bá wọn. Bàbá á kó wọn sọ̀kalẹ̀ sí Ọjà'ba, wọ́n á gba Bẹyẹrúnkà, wọ́n á yà sí Ọ̀rányàn, wọ́n á jáde sí Bẹẹrẹ, wọ́n á sì tún gun òkè padà sí Mápó. Kí ládàánì tó pe ìrun Àyìlà lọ́sàn-án, ìrìn ti parí. Kì í yẹ̀. Ẹ bá mi di ọ̀rọ̀ ìrun Àyìlà yìí mú, nítorí ibẹ̀ ni ọgbẹ́ mi wà.

Oṣù mẹ́ta ni Bàbá ti lọ báyìí. Lọ́jọ́ tí wọ́n lọ, èmi ni mo kó àlejò kiri dípò wọn, nígbà tí mo sì fi máa dé Kúdẹtì, wọ́n ti fa aṣọ bò wọ́n lójú. Mi ò bá wọn. Láti ọjọ́ náà, ohun kan ṣoṣo ni mo fẹ́ mọ̀: ṣé wọ́n bèèrè mi? Mo bi Àǹtí Sìdí, nítorí àwọn ni wọ́n wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ibùsùn. Àǹtí ní kí n lọ bomi sójú. Mo tún bi wọ́n lọ́jọ́ kejì, wọ́n ní ṣé mi ò rí i pé èrò pọ̀ nílé ni. Ogójì ọjọ́ ni mo fi ń bi wọ́n, ogójì ọjọ́ ni wọ́n fi ń yẹra fún mi.

Mi ò ní í kọ ìtàn ìgbésí ayé Bàbá síbí. Àwọn ẹbí ti kọ tiwọn sínú ìwé pélébé tí wọ́n pín níbi fìdáù. Wọ́n kọ ọ́ síbẹ̀ pé onísùúrù ni Bàbá, pé wọn kì í bá ènìyàn jà. Nígbà tí mo ka ìyẹn, ẹ̀rín fẹ́ẹ̀ pa mí nínú ẹkún. Bàbá wo? Bàbá tèmi, tí wọ́n bá Bàbá Télọ̀ jà fún nǹkan bí ogún ọdún nítorí ẹnu ọ̀nà kan?

Agbo ilé kan ló wà ní Bẹyẹrúnkà tí ògiri iwájú rẹ̀ ti wó tipẹ́. Bàbá ní ọ̀nà Ọjà'ba ni ẹnu ọ̀nà rẹ̀ kọjú sí látijọ́. Bàbá Télọ̀, ọ̀rẹ́ wọn tó ń ránṣọ ní Ọjà'ba, ní irọ́ ni, apá òkè ló kọjú sí. Bí Bàbá bá ti ń kó àlejò kọjá níwájú ṣọ́ọ̀bù, Bàbá Télọ̀ á gbé orí sókè lórí ẹ̀rọ, wọ́n á ní kí àlejò má gba ti bíríkìlà yẹn gbọ́ o, sìmẹ́ǹtì ti wọ̀ ọ́ lọ́pọlọ. Bàbá náà á ní ẹni tí kò lè rán ṣòkòtò kó gún, ọ̀nà wo ni yóò mọ̀. Nígbà tí Bàbá Télọ̀ kú, mo rò pé ìjà ti parí, pé Bàbá ti borí. Sátidé tó tẹ̀ lé e, a dé ìdí ògiri náà, Bàbá sọ tiwọn tán. Wọ́n ní, "Ọ̀rẹ́ mi kan ní apá òkè ni ẹnu ọ̀nà yìí kọjú sí. Kò sí níbí mọ́ láti jà, ẹ jẹ́ n bá a sọ tiẹ̀." Títí ẹsẹ̀ fi kọ̀ fún wọn, tiwọn àti ti Bàbá Télọ̀ ni wọ́n ń sọ pọ̀, wọn kì í sì í sọ fún àlejò èyí tó jẹ́ òótọ́.

Wọn kì í wọ agbo ilé kankan láìkí. Wọ́n á dúró lẹ́nu ọ̀nà, wọ́n á ní ẹ kúulé o, ẹsẹ̀ ló ń kọjá. Bí kò bá sí ẹni tó dáhùn, a ò ní í wọlé, ì báà jẹ́ inú ibẹ̀ ni ohun tó dùn jù lọ wà. Nígbà kan, ọkùnrin kan tó ti Èkó wá, tó gbé kámẹ́rà kọ́rùn, bínú. Ó ní ilé ìtàn ni, ti gbogbo ayé ni, kí ló dé tí a fi ń dúró níta bí ẹni tó wá tọrọ iná. Bàbá wò ó láti orí dé ẹsẹ̀. Wọ́n ní, "Ọ̀gá, àwọn tó ń gbé inú ìtàn yẹn ò tíì jẹun àárọ̀."

Ọ̀pọ̀ ògiri tí a máa ń kọjá ni ọwọ́ wọn ti kàn. Àwọn mìíràn tó ń mú àlejò kiri, ti ogun àti ti ìjòyè ni wọ́n máa ń sọ. Bàbá náà ń sọ ọ́, ṣùgbọ́n kì í pẹ́ tí wọ́n á fi bá ara wọn nídìí ògiri kan, wọ́n á máa fi àtàǹpàkò tẹ ibi tó sán. Wọ́n á ní kí àlejò wá wò ó, pé àwọn ni wọ́n rẹ́ ẹ, pé ìkánjú bá wọn lọ́jọ́ náà, wọn ò jẹ́ kí èyí àkọ́kọ́ gbẹ kí wọ́n tó rẹ́ èkejì lé e. Ta ló bi wọ́n? Àlejò wo ló mọ ògiri tó dáa yàtọ̀ sí èyí tí kò dáa? Mo sọ fún wọn pé wọ́n ń ba ara wọn lórúkọ jẹ́ lójú àjèjì. Wọ́n ní, "Ògiri náà ti ń sọ ọ́ tẹ́lẹ̀, Àmọ̀kẹ́. Mo kàn ń gbè é ni."

Àmọ̀kẹ́ ni oríkì mi. Àwọn nìkan ló ń pè mí bẹ́ẹ̀. Láti oṣù mẹ́ta, kò sí ẹni tó tún pè mí ní Àmọ̀kẹ́.

Ṣùgbọ́n bí ẹ bá fẹ́ mọ irú ènìyàn tí Bàbá jẹ́, ẹ jẹ́ kí n sọ ti ìyá Gánà fún yín. Wọn ò tíì bí mi nígbà náà. Ẹnu Àǹtí Sìdí ni mo ti kọ́kọ́ gbọ́ ọ, kí Bàbá tó wá sọ ọ́ fún mi fúnra wọn. Ìyá àgbàlagbà kan ló ti Gánà wá, ó ń wá agbo ilé bàbá rẹ̀ ní Ọ̀rányàn. Orúkọ agbo ilé náà nìkan ló mọ̀. Bàbá pàdé rẹ̀ níbi àtẹ̀gùn Mápó, wọ́n ní àwọn á mú un débẹ̀. Wọ́n ti ń wọ Ọ̀rányàn lọ nígbà tí ẹnì kan sáré ti ọsibítù wá, pé kí Bàbá máa bọ̀ kíákíá, pé ara Ìyá àgbà, ìyàwó wọn, ò yá rárá mọ́. Bàbá wò yí ká, wọ́n rí bẹ́ǹṣì kan níwájú ilé onílé. Wọ́n ní kí ìyá náà jókòó síbẹ̀, pé àwọn ń bọ̀. Wọ́n sáré.

Kí wọ́n tó dé ọsibítù, Ìyá àgbà ti kú. Wọ́n gbé òkú wálé, wọ́n wẹ̀ ẹ́, wọ́n sin ín sí ẹ̀yìnkùlé ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ náà, bí a ti máa ń ṣe. Òwúrọ̀ ọjọ́ kejì ni Bàbá tó rántí bẹ́ǹṣì. Wọ́n sáré padà lọ. Bẹ́ǹṣì wà níbẹ̀, ìyá kò sí. Oòrùn ti pa á, ẹ̀rù ti bà á, ó sì dìde pé kóun máa wá ọ̀nà lọ, ló bá ṣubú sí gọ́tà, ló kán lẹ́sẹ̀. Àwọn ará àdúgbò ló gbé e sílé wọn. Bàbá bá a lórí ẹní, wọ́n dọ̀bálẹ̀ gbalaja. Ìyá náà ò bú wọn, kò sunkún. Ó kàn ní, "Ẹ ní ẹ ń bọ̀."

Bàbá gbé e wá sí Kúdẹtì. Ilé tó ń ṣọ̀fọ̀ lọ́wọ́ ni wọ́n gbé aláìsàn wá sí o. Àwọn ẹbí pariwo, wọ́n ní ṣé orí Bàbá pé báyìí. Yàrá Ìyá àgbà gan-an ni Bàbá fún un. Wọ́n pe ẹni tó ń to eegun. Àǹtí Sìdí, tó ṣì jẹ́ ọmọdébìnrin nígbà náà, ló ń gbé omi ìwẹ̀ fún un. Oṣù mẹ́rin ló lò. Nígbà tó lè fi ọ̀pá rìn, Bàbá mú un dé agbo ilé bàbá rẹ̀, wọ́n rí àwọn ẹbí rẹ̀, wọ́n dì mọ́ra wọn, wọ́n sunkún. Lọ́jọ́ tó ń padà sí Gánà, ó rò pé Mọ́lété tí òun ti máa wọkọ̀ ni àwọn ń lọ tààrà. Bàbá ní rárá, ó di Mápó ná. Wọ́n fi èjìká tì í gun àtẹ̀gùn náà lọ́kọ̀ọ̀kan, títí wọ́n fi dé ibi tí wọ́n ti kọ́kọ́ pàdé. Wọ́n dúró síbẹ̀, wọ́n wò ó lójú, wọ́n ní, "Mo gbà yín níbí, mo dá yín padà síbí."

Láti ìgbà náà, gbogbo àlejò tí wọ́n bá kó, gbolóhùn yẹn ni wọ́n fi ń tú wọn ká. Àlejò á rẹ́rìn-ín, á pàtẹ́wọ́, á rò pé ara eré ni. Bàbá kì í rẹ́rìn-ín ní tiwọn. Láti ìgbà náà náà ló ti jẹ́ pé ẹni tí ẹsẹ̀ rẹ̀ wúwo jù lọ láàárín àlejò ni wọ́n máa ń fi síwájú, kí gbogbo àwọn yòókù máa rìn bí tiẹ̀. Àwọn ọ̀dọ́ a máa ráhùn. Bàbá a máa ní kí wọ́n fara balẹ̀, pé ilé tí wọ́n ń wò ti wà níbẹ̀ kí wọ́n tó bí wọn, kò ní í sá. Lọ́jọ́ tí wọ́n sọ ti ìyá Gánà fún mi fúnra wọn, mo bi wọ́n pé, àbí kí ni wọn ì bá ṣe, ṣebí ìyàwó wọn ló ń kú lọ.  Wọ́n ní, "Mi ò bá ìyá rẹ àgbà, mi ò sì bá àlejò mi."

Èmi wọ iṣẹ́ náà nígbà tí mo jáde yunifásítì tí mi ò ríṣẹ́. Mo gbé ìrìn wa sórí fóònù, àwọn ènìyàn bẹ̀rẹ̀ sí í ti Abẹ́òkúta wá, wọ́n ń ti Ìlọrin wá. Bàbá fara mọ́ ọn, ṣùgbọ́n wọ́n ṣòfin pé bí ìrìn bá ti bẹ̀rẹ̀, kí n pa fóònù tèmi, kí n má tàn án títí àlejò yóò fi padà dé Mápó. Ìyẹn ò dùn mí. Fọ́tò ló dá ìjà sílẹ̀. Àlejò òde òní, wọ́n lè má jẹun, wọn ò lè má ya fọ́tò. Bẹẹrẹ ló burú jù, nítorí bí ènìyàn bá dúró níbẹ̀ tó gbójú sókè, á rí gbọ̀ngàn Mápó lórí òkè pẹ̀lú àwọn òpó ńláńlá rẹ̀. Wọ́n á tò, wọ́n á tún un tò, Bàbá á máa wo oòrùn. Lọ́jọ́ kan mo gbóhùn sókè sí wọn lójú àlejò, mo ní ayé ti yí padà, kí ni ìṣẹ́jú mẹ́wàá jẹ́. Wọn ò bá mi sọ̀rọ̀ títí a fi délé, títí a fi jẹun tán. Nígbà tí wọ́n máa sọ ọ́, ọwọ́ ni wọ́n ń fọ̀. Wọ́n ní, "Àmọ̀kẹ́, ẹni tó ń retí àlejò rẹ nílé ò rí fọ́tò. Ọ̀nà ló ń wò."

Ẹsẹ̀ ló kọ́kọ́ dá wọn dúró. Ó wú, kò gba bàtà mọ́. A gbé ibùsùn wọn wá sí pálọ̀ iwájú kí wọ́n lè máa gbọ́ ohùn àwọn tó ń kọjá. Ilẹ̀kùn iwájú pálọ̀ yẹn, a kì í ṣí i nítorí eruku títì. Ẹ̀gbẹ́ ilé la máa ń gbà wọlé. Bí mo bá ti ìrìn dé, wọ́n á ní kí n jókòó, kí n sọ gbogbo rẹ̀ láìyọ ọ̀kan: ta ló dá wa lóhùn ní Bẹyẹrúnkà, ṣé mo sọ ti Bàbá Télọ̀, ṣé ògiri àwọn tó wà ní Ọ̀rányàn ò tíì ṣí. Mo máa ń yára sọ ọ́ nítorí ebi máa ń pa mí. Háà, ǹ bá mọ̀, ǹ bá fara balẹ̀ sọ ọ́.

Ní Sátidé tó gbẹ̀yìn yẹn, èémí wọn ò já gaara láti òwúrọ̀. Mo ní mi ò lọ mọ́. Wọ́n ní àlejò ti ń dúró ní Mápó. Mo ní wọ́n lè padà sílé wọn, ayé ò ní í bàjẹ́. Bàbá di ọwọ́ mi mú. Agbára bíríkìlà ṣì wà lọ́wọ́ náà. Wọ́n ní, "Lọ gbà wọ́n. Bí o bá ti dá wọn padà, kí o máa bọ̀ wálé." Mo lọ.

Olùkọ́ mẹ́rin ni wọ́n, láti Abẹ́òkúta, ọ̀dọ́ bíi tèmi, ọ̀rọ̀ wọn dùn. Mo pa fóònù. Mo kí gbogbo ilé tó yẹ kí n kí, mo dúró kí wọ́n dáhùn. Mo sọ ti ẹnu ọ̀nà méjèèjì. Gbogbo rẹ̀ ni mo ṣe bó ti yẹ títí a fi jáde sí Bẹẹrẹ. Oòrùn ti mú. Ọ̀kan nínú wọn ní òùngbẹ ń gbẹ òun, a bá yà síbi tí wọ́n ti ń ta mínírà tútù, a jókòó. Wọ́n wá rí Mápó lókè, wọ́n ní fọ́tò yá, wọ́n ní kí èmi náà bọ́ sáàárín. Ibẹ̀ la wà nígbà tí ládàánì pe ìrun Àyìlà. Kí n má parọ́, mo gbọ́ ọ ketekete. Mo sọ nínú ọkàn mi pé Bàbá ò kúkú rí mi. Mo gba mínírà kejì.

Nígbà tí mo dá wọn padà sí Mápó, mo sọ gbolóhùn wa, wọ́n pàtẹ́wọ́. Mo tan fóònù, kò sí iṣẹ́ tí ẹnikẹ́ni fi ránṣẹ́ sí mi. Ọkàn mi balẹ̀. Mo ra ọsàn fún Bàbá, mo ń rọra sọ̀kalẹ̀ lọ sí Kúdẹtì. Láti òkèèrè ni mo ti rí i pé ilẹ̀kùn iwájú ilé wa ṣí sílẹ̀ gbayawu. Mo rò pé ooru ló mú wọn, tí wọ́n ń wá atẹ́gùn. Ìgbà tí mo sún mọ́ ọn ni mo gbọ́ ẹkún Àǹtí Sìdí.

Lẹ́yìn ìrun Àsárì la sin wọ́n, ní ẹ̀yìnkùlé, lẹ́gbẹ̀ẹ́ Ìyá àgbà. Wọn ò tíì da yẹ̀pẹ̀ tán tí àwọn ẹbí ti ń sọ pé àlejò ni mo yàn ju bàbá tó tọ́ mi lọ. Mo jágbe mọ́ Àǹtí Sìdí lójú gbogbo wọn, mo ní kí ló dé tí wọn ò rán ẹnì kan sí mi, ṣebí gbogbo ilé ló mọ ọ̀nà tí a ń gbà. Àǹtí wọlé lọ. Mo bínú sí Bàbá náà, kí Ọlọ́run forí jì mí. Mo ní òfin wọn ló ṣe mí léyìí, òfin tí àwọn fúnra wọn ò lè pa mọ́ lọ́jọ́ tí Ìyá àgbà kú. Sátidé mélòó kan kọjá, mi ò dé Mápó.

Lọ́jọ́ tí a ṣe àdúrà ogójì ọjọ́, tí èrò ti túká, èmi àti Àǹtí Sìdí ń fọ abọ́ ní ẹ̀yìnkùlé, ibojì méjèèjì wà níwájú wa. Mi ò bi wọ́n mọ́, ó ti sú mi. Àǹtí ló dá ọ̀rọ̀ náà sílẹ̀. Wọ́n ní láti ìgbà tí mo ti jáde lọ́jọ́ yẹn ni Bàbá ti ń bá mi rìn. Mo ní báwo? Wọ́n ní lórí ibùsùn ni, ẹnu ni wọ́n fi ń rìn ín. Wọ́n á pajú dé, wọ́n á ní mo ti dé Ọjà'ba báyìí. Bó bá ṣe díẹ̀, wọ́n á ní mo ti ń kí àwọn ará Bẹyẹrúnkà, wọ́n á sì dákẹ́ bí ẹni tó ń dúró kí onílé dáhùn. Nígbà tí wọ́n rò pé mo ti wọ Ọ̀rányàn, omi bọ́ lójú wọn. Àǹtí rí i pé ẹ̀mí wọn ti ń bọ́, wọ́n fẹ́ rán ẹnì kan kó wá mi wá. Bàbá ò gbà. Wọ́n ní, "Bí ẹ bá sọ fún un, á sá. Èmi náà sá."

Àǹtí ní, "Bí ládàánì ṣe pe ìrun báyìí, wọ́n lajú. Wọ́n ní o ti dá wọn padà, o ti ń sọ̀kalẹ̀ bọ̀. Wọ́n ní ká ṣí ilẹ̀kùn iwájú."

Mo gbé abọ́ ọwọ́ mi sílẹ̀.

Àǹtí ní àwọn ṣí i, Bàbá kọjú sí ẹnu ọ̀nà, wọn ò sì gbójú kúrò níbẹ̀ mọ́. Wọ́n bèèrè bóyá mo ti dé. Àǹtí ní mi ò tíì dé. Àwọn èrò mọ́ṣáláṣí kírun tán, wọ́n ń kọjá lọ lójú títì, Bàbá ń gbọ́ ìró bàtà wọn, wọ́n tún bèèrè. Nígbà kẹta, ohùn ò fẹ́ẹ̀ jáde mọ́. Wọ́n ní, "Kí ló dá a dúró?" Wọn ò tún sọ nǹkan mìíràn.

Àǹtí ní ọ̀rọ̀ yẹn gan-an ni àwọn ò fi lè sọ ọ́ fún mi látọjọ́ yìí. Wọ́n ní àwọn ti rò ó títí, bóyá àlejò kan ló ṣubú ni, bóyá ọ̀nà ló dí. Wọ́n wá wò mí. "Níbo lo wà gan-an?"

Irọ́ tí mo lè pa pọ̀ nílẹ̀. Mo rántí ògiri tó sán, àti Bàbá tí wọ́n ń fi àtàǹpàkò tẹ̀ ẹ́ lójú àjèjì. Mo ní, "Mo wà ní Bẹẹrẹ. À ń mu mínírà. À ń ya fọ́tò."

Àǹtí gbé abọ́ ọwọ́ wọn sílẹ̀. Wọ́n nu ọwọ́ sí ìró, wọ́n ní kí n mú fọ́tò náà wá. Àwọn olùkọ́ yẹn ti fi í ránṣẹ́ sórí fóònù mi láti ọjọ́ náà, mi ò ṣí i rí. A jọ ṣí i. Àwọn mẹ́rẹ̀ẹ̀rin ń rẹ́rìn-ín, èmi wà láàárín, mínírà wà lọ́wọ́ òsì mi, mo na ọwọ́ ọ̀tún sí Mápó. Gbogbo àtẹ́lẹwọ́ ni mo tẹ́. Àǹtí wò ó títí. Wọ́n ní, "O jọ wọ́n." Ni àwa méjèèjì bá bú sẹ́kún, abọ́ sì wà nílẹ̀ bẹ́ẹ̀ títí di ìrun Àsárì.

Wọ́n bèèrè mi. Ohun tí mo fẹ́ mọ̀ nìyẹn, mo sì ti mọ̀ ọ́n. Ẹ̀ẹ̀mẹta ni wọ́n bèèrè mi. Àwọn tí mo sọ fún ní kí n fi ìyẹn tu ara mi nínú, pé ìfẹ́ ni. Mo mọ̀ pé ìfẹ́ ni. Ìyẹn gan-an ló ń dùn mí.

Mo ti padà sẹ́nu iṣẹ́. Mò ń kí onílé, mo sì ń fi ẹni tí ẹsẹ̀ rẹ̀ wúwo síwájú. Bí a bá dé ìdí ògiri Bẹyẹrúnkà, mo máa ń sọ ti Bàbá, mo máa ń sọ ti Bàbá Télọ̀. Bí a bá dé Bẹẹrẹ, mo máa ń dúró, mo máa ń sọ fún àlejò pé ibí yìí ni èmi ti pẹ́. Àwọn kan kì í mọ ohun tí wọ́n máa sọ. Mi ò retí kí wọ́n sọ nǹkan kan, mo kàn ń gbè é ni. Fọ́tò kan ṣoṣo, ó tán, a ti ń gun òkè.

Bí mo bá ti dá wọn padà, mo máa ń sáré sọ̀kalẹ̀ lọ sí Kúdẹtì, mi kì í yà síbì kankan. Àǹtí Sìdí a máa ṣí ilẹ̀kùn iwájú sílẹ̀ dè mí. A ò ka eruku sí mọ́. Mo máa ń gba pálọ̀ kọjá lẹ́gbẹ̀ẹ́ ibi tí ibùsùn wà tẹ́lẹ̀, mo máa ń lọ kúnlẹ̀ níbi ibojì wọn, mo máa ń sọ fún wọn pé mo ti dá wọn padà, pé mo ti dé. Lẹ́yìn náà ni ládàánì á ṣẹ̀ṣẹ̀ pe ìrun. Mo máa ń wà níbẹ̀ títí á fi pè é tán. Kò sí ẹni tó ń bèèrè ohun tó dá mi dúró.